Èwo Ló Jọ Èyí?

Oṣù Kejìlá ni, ní Vardø, létí òkun tó tutù,
oṣù tí oòrùn kì í yọ.
Aago mẹ́wàá àárọ̀, a ṣì tan iná.
Àwa márùn-ún la jókòó nílé ìtọ́jú àwọn arúgbó:
dókítà, àlùfáà, Solfrid tó jẹ́ nọ́ọ̀sì àgbà,
Torleif tó ti fìgbà kan jẹ́ ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́,
àti èmi, akọ̀wé, tí àpótí ẹjọ́ àtijọ́ wà níkàáwọ́ mi.

Ọ̀rọ̀ Eilert la bá wá.
Apẹja ni, ẹni ọdún mọ́kàndínláàádọ́rùn-ún,
iyè rẹ̀ ti ń jò bí ọkọ̀ tó gbó.
Láràárọ̀ ló ń béèrè pé, "Borghild dà?"
Láràárọ̀ là ń sọ fún un pé ìyàwó rẹ̀ ti kú,
láràárọ̀ ló ń ṣọ̀fọ̀ tuntun,
omijé á máa bọ́ sínú kọfí.

Gunnvor ọmọ rẹ̀ wá gbé ẹ̀rọ kékeré kan dé,
ohùn ìyá rẹ̀ wà nínú ẹ̀.
Ohunkóhun tí baba bá bi í, ẹ̀rọ á dáhùn:
"Mo wà níbí, Eilert. Mo ń bọ̀. Jẹun."
Ó ní, ṣé ó burú?

Dókítà ní kí wọ́n lò ó, kí baba lè jẹun.
Àlùfáà mirí. Ó ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún,
ọjọ́ kan ṣoṣo lòótọ́ ó bá a.
Mo ní, Àlùfáà, ọjọ́ kan ṣoṣo náà ni Eilert ní,
ó kàn ń tún un bẹ̀rẹ̀ láràárọ̀ ni.
Ẹnikẹ́ni ò rẹ́rìn-ín.

Má purọ́. Má fìyà jẹni.
Òfin méjèèjì kọjú síra bí àgbò méjì lórí afárá tóóró.
Bí a bá ń dúró dè wọ́n, ilẹ̀ á ṣú bá wa níbẹ̀,
ilẹ̀ tó kúkú ti ṣú tẹ́lẹ̀.
Solfrid ní, "Ṣí àpótí. Èwo ló jọ èyí?"

Ẹni tó jìn sí kòtò ló kọ́ ará ẹ̀yìn lọ́gbọ́n.
Kòtò ará ìlú yìí ló kún inú àpótí mi.

Olùṣọ́ iná etíkun: ọmọ rẹ̀ rì sómi
lọ́jọ́ tí wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ fún un.
Wọ́n pa ìròyìn náà mọ́ títí ojú ọgbẹ́ fi jinná.
Nígbà tó gbọ́, ó ní wọ́n ṣeun.
Ó jọ ọ́.
Ṣùgbọ́n wọ́n kàn dákẹ́ ni, wọn ò sọ pé ọmọ ń bọ̀.
Olùṣọ́ iná sì máa sàn. Eilert ò ní í sàn.

Jorunn afọ́jú: ajá rẹ̀ kú,
àwọn ọmọ fi òmíràn rọ́pò láìsọ fún un.
Ó fọwọ́ kan etí ajá náà, ó mọ̀.
Oṣù mẹ́ta ni kò fi bá wọn sọ̀rọ̀.
Torleif gba ìwé náà lọ́wọ́ mi, ó kà á lẹ́ẹ̀mejì.
"Èyí sún mọ́ ọn jù," ló wí.

Ẹ̀kẹta ò gùn:
opó kan tó máa ń gbọ́ kásẹ́ẹ̀tì ọkọ rẹ̀
tó ń ka iye owó ẹja, kí oorun tó gbé e lọ.
Kò sẹ́ni tó pe ìyẹn nírọ́. Kí ló dé?
Atẹ́gùn ń gbá ilẹ̀kùn.
"Torí ọkọ ló sọ ọ́," ni Solfrid wí. "Ẹnu rẹ̀ ló ti jáde."

A ní kí Gunnvor gbé ẹ̀rọ tó ń dáhùn yẹn lọ,
kó wá ohun tí ìyá rẹ̀ fẹnu ara rẹ̀ sọ.
Ó rí mẹ́ta. Ọ̀kan jẹ́ ẹ̀rín lásán.
Ọ̀kan dá lórí ọbẹ̀.
Ọ̀kan, ó ń bá Eilert jà torí bàtà tútù lẹ́nu ọ̀nà.
Ìjà yẹn ni baba fẹ́ràn jù.
"Mo ti gbọ́," ni yóò wí, á wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀, á sì jẹun.

Àlùfáà fọwọ́ sí i,
ó kọ nǹkan sábẹ́ rẹ̀ tí mi ò lè kà.
Mo fi ìwé Eilert sẹ́yìn ti Jorunn.
Mi ò tíì ti àpótí.